Níbo lẹ ti ń rí eré òkèèrè tí kò sí lọ́jà, ta ló sì ń bá yín túmọ̀ rẹ̀?

Àdùkẹ́ Ìsàlẹ̀-Ọ̀ṣun
Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, gbogbo ilé. Ọ̀rọ̀ méjì ló gbé mi wá.

Èkíní, àbúrò mi fi eré Nọ́rwèy kan hàn mí, Skam lorúkọ ẹ̀. Ẹnì kan tí a ò mọ̀ rí ló kó o jọ síbì kan lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ó kọ Gẹ̀ẹ́sì sábẹ́ ẹ̀. A wo sáà kìíní tán, a wo ìkejì tán, àárín ìkẹta la wà tí línkì fi kú. Mo wá a títí ojú mi fi ń ṣe bàìbàì. Àwọn ìkànnì tí mò ń bá pàdé ní kí n tẹ ibí, kí n tẹ ọ̀hún. Ọ̀kan tiẹ̀ ní fóònù mi ti kó àrùn, kí n sáré gba app kan tó máa wò ó sàn. Mo sá.

Èkejì, màmá mi. Látàárọ̀ dalẹ́ ni wọ́n ń wo eré Tọ́kì lórí YouTube. Wọn ò gbọ́ Tọ́kì, wọn ò sì ka Gẹ̀ẹ́sì. Ojú àwọn òṣèré ni wọ́n fi ń mọ̀ ọ́n. Wọ́n á wá pè mí látinú kíṣìnnì: "Kí ni ọkọ yìí wí tí ìyàwó fi ju síbí ilẹ̀?" Èmi náà ò mọ̀. Ṣé ọ̀nà wà tí mo lè fi kọ Yorùbá sí i fún wọn?

Bàbá Wáyà
Àdùkẹ́ ọmọ mi, o káre tí o sá. Ìkànnì tó bá ní kí o gba app kí o tó wo eré, olè ni. Wo ìdí orúkọ fáìlì kí o tó ṣí i: fíìmù a máa parí sí .mp4 tàbí .mkv, ọ̀rọ̀ abẹ́ ẹ̀ sì máa ń parí sí .srt. Èyí tó bá parí sí .apk tàbí .exe kì í ṣe fíìmù rárá, ohun tó fẹ́ wọlé tì ọ́ ni. Pa á rẹ́.

Oníbàárà mi kan gbé fóònù wá lóṣù tó kọjá, eré Kòríà lòun náà ń wá. Ìpolówó ìhòòhò ló bo ojú fóònù, kò lè pe ẹnikẹ́ni. Mo nù ún mọ́ pátápátá, gbogbo fọ́tò ìgbéyàwó ẹ̀ bá a lọ. Ìjà la fi gba owó iṣẹ́.

Ìyá Ìbejì Oslo
Ẹ jẹ́ kí n mú ti Skam, nítorí ìlú tí wọ́n ti yà á ni mò ń gbé. NRK, tẹlifíṣàn ìjọba níbí, ló ṣe é. Julie Andem ló kọ ọ́, òun náà ló darí ẹ̀. Ó bẹ̀rẹ̀ ní oṣù kẹsàn-án 2015, ó parí ní oṣù kẹfà 2017, sáà mẹ́rin péré. Àwọn ọmọbìnrin ọmọ ọdún 16 ilẹ̀ yìí ni wọ́n ṣe é fún. Wọn ò pariwo ẹ̀ káàkiri, kí àwọn ọmọ náà lè fúnra wọn rí i, kí àgbàlagbà má bàa dà á rú.

Bí wọ́n ṣe ń gbé e jáde ló jẹ́ idán. Tí àwọn ọmọ inú eré bá ní ìjà ní aago mẹ́ta ọ̀sán ọjọ́ Ìṣẹ́gun, aago mẹ́ta ọ̀sán ọjọ́ Ìṣẹ́gun gan-an ni wọ́n á sọ ọ́ sórí ìkànnì, láìkìlọ̀. Tó bá di ọjọ́ Ẹtì, wọ́n á kó gbogbo wẹ́wẹ́ yẹn pọ̀ di odidi apá kan. Àwọn ọmọ inú eré tún ní Instagram tiwọn, bíi pé èèyàn gidi ni wọ́n.

Ọmọ mi obìnrin jẹ́ ọmọ ọdún 15 nígbà náà. Bí fídíò bá ti já báyìí, ó ti dìde nídìí oúnjẹ. Ìrẹsì á tutù, ọbẹ̀ á dì sójú abọ́, òun á wà lórí kọ̀ǹpútà tó ń kọ Gẹ̀ẹ́sì fún àwọn ọ̀rẹ́ tí kò rí rí, ọ̀kan ní Bràsíl, àwọn yòókù ní Ṣáínà. Mo bínú títí ó fi sú mi. Mi ò mọ̀ pé irú wọn pọ̀ káàkiri ayé. Tumblr ni wọ́n ti ń pàdé, Google Drive ni wọ́n ń kó fídíò sí.

Kí ló dé tí NRK ò fi kọ Gẹ̀ẹ́sì sí i fúnra wọn? Orin ni. Orin àwọn olórin ńlá kún inú eré náà bámúbámú, àṣẹ tí wọ́n sì gbà lórí orin wọ̀nyẹn kò kọjá ilé. Nígbà tí àwọn olùwòran òkèèrè pọ̀ jù, àwọn iléeṣẹ́ orin ta wọ́n lólobó, NRK sì ti ilẹ̀kùn mọ́ àwọn ará òkèèrè ní oṣù kìíní 2017. Nítorí náà kì í ṣe pé ẹnì kan kórìíra yín ni línkì ṣe ń kú. Ẹ̀tọ́ orin ló ń pa á.

Ọ̀nà tó mọ́ ni èyí: àwọn orílẹ̀-èdè míì ra àwòṣe ẹ̀. Jámánì ṣe Druck, Belgium ṣe wtFOCK, Faransé, Ítálì àti Sípéènì ṣe tiwọn, Amẹ́ríkà náà ṣe tiẹ̀ fún Facebook Watch ní 2018. Orí YouTube làwọn ará Jámánì gbé Druck sí fúnra wọn. Bẹ̀rẹ̀ látibẹ̀.

Kọ́lá Agésọ̀rọ̀
Àdùkẹ́, ìmọ̀ràn mi kò gùn: má wá fíìmù. Wá ẹni tó túmọ̀ ẹ̀.

Fídíò wúwo, ó sì ṣeé dá mọ̀. Àwọn ìkànnì ńlá ní ẹ̀rọ tó ń fetí sí ohùn, tó ń wo àwòrán, tó sì ń fi wé ti oní-nǹkan. Ìdí nìyẹn tí ẹ fi ń rí eré tí wọ́n yí sódì, tí aago ara ògiri ń rìn padà sẹ́yìn, tí ohùn baálé ilé dà bí ti ológbò. Ẹni tó gbé e síbẹ̀ ló ń sá fún ẹ̀rọ yẹn. Ó máa pẹ́ díẹ̀, wọ́n á sì mú un. Ẹ má fi ojú yín wo irú ẹ̀.

Ṣùgbọ́n fáìlì ọ̀rọ̀ ò wúwo. Ọ̀rọ̀ eré wákàtí kan kì í sábà tó ọgọ́rùn-ún kilobyte, fọ́tò WhatsApp kan lè jù ú lọ. Fídíò lè kú nígbà mẹ́wàá, fáìlì yẹn á ṣì wà lọ́wọ́ ẹni tó kọ ọ́. Àwọn tó ń túmọ̀ sì máa ń fi orúkọ ìnagijẹ wọn sí ìbẹ̀rẹ̀ tàbí ìparí. Da orúkọ yẹn kọ. Òun ni kó o máa wá, nítorí ẹni tó túmọ̀ sáà kìíní sábà máa ń mọ ibi tí ìkẹta wà, ó sì máa ń mọ̀ ṣáájú gbogbo ayé tí iléeṣẹ́ kan bá ra eré náà tó wá wà níta gbangba.

Mo wà lára àwọn tó ṣiṣẹ́ fún Viki, ìkànnì eré Kòríà kan, nígbà kan. Àwọn olùfẹ́ eré Kòríà ló ń túmọ̀ ńbẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́, kí iléeṣẹ́ Rakuten tó rà á ní 2013. Iṣẹ́ tèmi ni gígé: mo ń gé ọ̀rọ̀ òṣèré sí wẹ́wẹ́ bí ẹni ń gé ilá, kí olùtumọ̀ tó wá kọ tiẹ̀ sí i. Bí o bá gé e pẹ́, ọkọ á ti gbá ìyàwó létí kí ọ̀rọ̀ tó bí i nínú tó yọ. Kò sówó ńbẹ̀. Tí o bá ṣe é púpọ̀, wọ́n á jẹ́ kí o wo ọ̀fẹ́, ìyẹn náà ni. Crunchyroll tí àwọn ọmọ yín fi ń wo anime, eré àwòrán àwọn ará Japan, bẹ̀rẹ̀ ní 2006 bí ibi tí ẹnikẹ́ni ń gbé fídíò sí, kí ó tó lọ gbàwé àṣẹ.

Ẹ má sì rò pé ibi tí a bá ti sanwó ni nǹkan kì í ti í sọnù. DramaFever, ìkànnì eré Kòríà mìíràn, gbàwé àṣẹ, ó ń gbowó oṣooṣù, Warner Bros. ni wọ́n sì ní in. Ọjọ́ 16 oṣù kẹwàá 2018 ni wọ́n tì í, ọjọ́ yẹn gan-an ni wọ́n kéde ẹ̀.

Olóòtú Abẹ́òkúta
Mo ń ka gbogbo yín, inú mi ò dùn. Ẹ ń sọ̀rọ̀ àwọn tó ń gbé eré eléré káàkiri bíi pé ajíhìnrere ni wọ́n. Mo gbé fíìmù mi jáde ní àárọ̀ ọjọ́ Àbámẹ́ta kan. Kí oòrùn tó wọ̀, ó ti wà lórí ìkànnì mẹ́fà, wọ́n ti gé orúkọ mi kúrò níwájú, ẹnì kan sì fi nọ́ńbà tiẹ̀ sí i fún ìpolówó. Owó tí mo yá fi ya fíìmù yẹn, mo ṣì ń san án.

Alága (olùtọ́jú àpérò)
Olóòtú, ẹ má bínú, òtítọ́ lẹ sọ. Ẹ jẹ́ kí n fi ìlà sí i: kò sẹ́ni tó gbọ́dọ̀ fi línkì fíìmù oní-fíìmù síbí. Òfin ẹ̀tọ́ oní-nǹkan ti 2022 ti wà ní Nàìjíríà, ó sì ti la ọ̀nà tí oní-nǹkan fi lè ní kí ìkànnì yọ ohun tiẹ̀ kúrò. Tí ẹ bá túmọ̀ nǹkan fún ìyá yín nílé, ẹ fi mọ sílé. Ẹ má gbé fídíò náà jáde, ẹ má sì fi pawó.

Ìyá Ìbejì Oslo
Olóòtú, ẹ pẹ̀lẹ́ o. Ti yín àti ti Skam ò rí bákan náà, ẹ jọ̀ọ́. Ẹ̀yin ń ta fíìmù yín, ẹnì kan wá jí i. Ti NRK, kò sí ẹni tó ń tà á fún ará Bràsíl ní iye kankan. Mi ò ní kó má jẹ̀bi o.

Olóòtú Abẹ́òkúta
Ẹni tó jí tèmi náà sọ bẹ́ẹ̀: pé kò sí ẹni tó ń tà á fún àwọn ará Kutọnu.

Ọmọ Kétu
Ẹ̀gbọ́n Olóòtú, Kétu ni mo wà, ní Bẹ̀nẹ̀. A ń wo fíìmù Yorùbá lójoojúmọ́. Èmi gbọ́ ọ, àmọ́ ìyàwó mi Fọn ni, Faransé ló ń kà. Gẹ̀ẹ́sì tí ẹ ń kọ sábẹ́ ò wúlò fún un, èmi ni mò ń túmọ̀ sí i létí. Lójú ìyàwó mi, ẹ̀yin gan-an ni eré òkèèrè. Tí ẹ bá fi Faransé sí i lórí ìkànnì tiyín, kí ló máa gbé mi dé ọ̀dọ̀ olè?

Tẹ́lẹ̀, olùwòran lè kọ ọ̀rọ̀ sábẹ́ fídíò ẹlòmíràn lórí YouTube, kí oní-fídíò sì fọwọ́ sí i. Wọ́n fòpin sí ìyẹn ní ọjọ́ 28 oṣù kẹsàn-án 2020. Báyìí, oní-fídíò fúnra ẹ̀ tàbí ẹni tó bá fún láṣẹ ló gbọ́dọ̀ gbé fáìlì náà sí i. Ẹ fi ọ̀rọ̀ fíìmù yín ránṣẹ́ sí mi, màá kọ Faransé ẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́.

Olóòtú Abẹ́òkúta
Kọ sí mi nínú àpótí. Mo fẹ́ rí bóo ṣe mọ̀ ọ́n kọ ná.

Ṣadé Tottenham
Àdùkẹ́, ti màmá ni kí n bá ọ dá sí. Ọdún mẹ́rin ni mo fi ṣiṣẹ́ ní ilé búrẹ́dì àwọn Tọ́kì ní Green Lanes níbí, mo gbọ́ èdè wọn dé ibi tí wọn ò lè bú mi kí n má mọ̀.

Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n ń kọ sábẹ́ eré wọ̀nyẹn ń fi nǹkan dù yín. Bí Tọ́kì bá bá ẹni tó ń ṣiṣẹ́, á ní "Kolay gelsin". Gẹ̀ẹ́sì á wá kọ àdúrà gbọọrọ kan pé kó rọrùn fún ọ. Yorùbá ń kọ́? Ẹ kú iṣẹ́. Ó tán. Bí wọ́n bá wá kí ọlọ́fọ̀, "Başınız sağ olsun": ẹ kú àráfẹ́rakù. "Geçmiş olsun" nìkan ló fẹ́ ọgbọ́n: tó bá jẹ́ aláìsàn ni wọ́n ń kí, ẹ pẹ̀lẹ́, tó bá jẹ́ ẹni tó ti inú ìjàǹbá ọkọ̀ jáde, ẹ kú ewu. "Abi" ni ẹ̀gbọ́n ọkùnrin, "abla" ni ẹ̀gbọ́n obìnrin. Ibi tí wọ́n bá ti pe ẹ̀gbọ́n báyìí, Gẹ̀ẹ́sì á kọ orúkọ ẹ̀ gbàlàjà, bíi pé ọmọ ilé yẹn ò lẹ́kọ̀ọ́.

Èyí tó dùn mọ́ mi jù ni "siz" àti "sen". Siz ni ẹ̀yin, sen ni ìwọ. Nínú eré ìfẹ́, wọ́n lè fi apá mẹ́wàá máa bá ara wọn sọ̀rọ̀ pẹ̀lú siz. Ọjọ́ tí ẹnu ọ̀kan bá yọ̀ sórí sen, ẹni tó gbọ́ Tọ́kì á ti gbá àyà mú. Gẹ̀ẹ́sì ò rí nǹkan kan, you ló kọ lánàá, you náà ló kọ lónìí. Ìwọ á kọ "ẹ" lánàá, o ó kọ "o" lónìí, màmá á sì pariwo.

Bẹ́ẹ̀ ni "o" ni wọ́n ń lò fún ọkùnrin, obìnrin àti màlúù. Àwa náà, "ó". Ẹ̀rọ ìtumọ̀ tó bá gba inú Gẹ̀ẹ́sì kọjá gbọ́dọ̀ pinnu bóyá ọkùnrin ni tàbí obìnrin, ó sì máa ń mẹ́fọ̀ọ́. Mo ti rí ibi tó ti sọ ìyá àgbà di ọkùnrin. Ibi tí kò bá yé ọ, kọ ọ́ síbí pẹ̀lú ìṣẹ́jú tó wà, màá dáhùn tí mo bá ti ibi iṣẹ́ dé.

Kí n tó gbàgbé: fi orúkọ Tọ́kì wá eré, má fi ti Gẹ̀ẹ́sì. Kara Sevda tó gba International Emmy ní 2017, Endless Love ni wọ́n fi tà á fún òyìnbó. Kọ orúkọ ilé ẹ̀, kí o fi "1. Bölüm" tẹ̀ lé e, ìyẹn apá kìíní. Èyí á gbé ọ dé ìkànnì àwọn tó ni ín, ọ̀pọ̀ wọn ló ń gbé odidi apá síbẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́. Ṣọ́ra fún nọ́ńbà: apá kan nílé wọn lè ju wákàtí méjì lọ, tí wọ́n bá sì tà á sókèèrè, wọ́n á gé e sí nǹkan bí ìṣẹ́jú 45. Apá 12 ti òkèèrè kì í ṣe apá 12 ti ilé. Ọ̀pọ̀ ń fi fáìlì ọ̀rọ̀ lé fídíò tí kì í ṣe tiẹ̀ lórí, wọ́n á ní olùtumọ̀ ò mọ̀ ọ́n kọ.

Bàbá Wáyà
Ọ̀nà tí wàá gbà kọ ọ́ rèé. Gba Subtitle Edit sórí kọ̀ǹpútà, ọ̀fẹ́ ni. Tí kò bá sí kọ̀ǹpútà, ibi tí o ń kọ lẹ́tà sí lórí fóònù tó. Bó ṣe rí nìyí: nọ́ńbà, àkókò tí ọ̀rọ̀ máa yọ àti ìgbà tó máa wọlé, lẹ́yìn náà ọ̀rọ̀.

14
00:03:21,400 --> 00:03:24,000
Màmá, ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé.

Fi àlàfo ìlà kan sílẹ̀ kí o tó kọ ìkẹẹ̀ẹ́dógún. Kọ́mà ló wà ṣáájú 400 yẹn, kì í ṣe àmì ìdánudúró.

Ibi tí gbogbo ọmọ Yorùbá ti ń ṣubú: tí o bá fẹ́ fi pamọ́, yan UTF-8, ìyẹn ọ̀nà ìfipamọ́ tó gba àmì Yorùbá. Tí o bá fi ANSI pamọ́, ẹ, ọ àti ṣ á di àmì ìbéèrè, ọ̀rọ̀ rẹ á dà bíi pé eku jẹ ẹ́. Lẹ́yìn náà, sọ fídíò àti fáìlì ọ̀rọ̀ ní orúkọ kan náà, kó wọn sínú àpò kan, fi VLC, app tí a fi ń wo fídíò, ṣí i. Tí ọ̀rọ̀ bá yá ju ẹnu lọ, tẹ H lórí kọ̀ǹpútà. Tó bá pẹ́, tẹ G. Tó bá bá ẹnu mu níbẹ̀rẹ̀ àmọ́ tó ń sá díẹ̀díẹ̀ títí dé òpin, má wulẹ̀ tẹ nǹkan kan: iye àwòrán tó ń kọjá ní ìṣẹ́jú àáyá kan ò dọ́gba, 25 ni ọ̀kan, 23.976 ni ìkejì. Subtitle Edit lè yí i padà.

Àyìnlá Sábó
Gbogbo yín ń kọ́ ọmọ bí wọ́n ṣe ń kọ̀wé, ẹ ò bi í bóyá màmá lè kà á bó ṣe ń sáré. Kano ni mo dàgbà sí. Fíìmù Íńdíà kún ibẹ̀, àwọn ìyá tó ń tà ní ọjà kì í ka nǹkan kan. Àwọn tó gbọ́ èdè ló ń fi ohùn Hausa lé e. Iléeṣẹ́ Algaita lorúkọ ẹ̀ ròkè jù nínú iṣẹ́ náà. Inú mẹ́mọ́rì káàdì ni wọ́n ń ta á. Ní Ùgáńdà, VJ ni wọ́n ń pè wọ́n, àwọn bíi VJ Jingo: ọ̀gbẹ́ni kan ṣoṣo á máa sọ Luganda lórí fíìmù, á sọ ti akọ, á sọ ti abo, á tún bú ọ̀daràn tí ọ̀rọ̀ bá ká a lára. Eré tí kò dùn tẹ́lẹ̀ á dùn.

Àdùkẹ́, ka ohun tí o kọ sórí fóònù. Jẹ́ kí màmá gbọ́ ohùn ọmọ wọn.

Àdùkẹ́ Ìsàlẹ̀-Ọ̀ṣun
Ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n, ẹ ṣé o. Mo padà dé lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́sàn-án. Ìṣẹ́jú mẹ́fà péré ni mo rí ṣe, ó sì gbà mí ní alẹ́ mẹ́ta. Mo kọ ọ́, àmì ìbéèrè kún ojú fóònù torí UTF-8 tí Bàbá Wáyà wí ni mo gbójú fò, mo tún un kọ. Nígbà tí màmá kà á, ọ̀rọ̀ ń sá fún wọn, wọ́n ń pe ìlà kan nígbà tí ìkẹta ti yọ. Ni mo bá ṣe ti Bàbá Àyìnlá. Mo pa ohùn fídíò sílẹ̀ díẹ̀, mo jókòó ti wọn, mo ń kà á jáde.

Wọn ò mira. Wọ́n ò tiẹ̀ béèrè omi. Ìgbà tí ìyàwó ilé dáhùn tí mo kà á pé "O ò lè lé mi nílé yìí", wọ́n dá mi dúró. "Ta ló ń bá wí?" Mo ní ìyá ọkọ ẹ̀. Wọ́n ní irọ́ ni, pé ọmọ tó ń wo ilẹ̀ tó bá ń sọ̀rọ̀ báyẹn kò lè pe ìyá ọkọ ní "o", bó ti wù kó bínú tó. Wọ́n ní kí n lọ tún un wò.

Àǹtí Ṣadé, ìṣẹ́jú 4 àáyá 10 ni. Gẹ̀ẹ́sì tí mo fi túmọ̀ kàn sọ you.

Ṣadé Tottenham
Mo ti gbọ́ ọ. Màmá rẹ jàre. "Anne", ìyẹn màmá, ló pe ìyá ọkọ ẹ̀, siz ló sì lò. "Màmá, ẹ ò lè lé mi nílé yìí."

Àdùkẹ́ Ìsàlẹ̀-Ọ̀ṣun
Mo ti yí i padà. Wọ́n ní kí n bi yín, ìṣẹ́jú 6, nígbà tí ọkọ wọlé tó bá wọn níbẹ̀, "siz" ló sọ fún ìyá ẹ̀ ni àbí "sen"?